Àtúnṣe ìdí ògiri ilé alámọ̀ kan ní Shibam, láti ọjọ́ 1 dé ọjọ́ 95

Ilé: pẹ̀tẹ́ẹ̀sì alájà márùn-ún, alámọ̀ lórí ìdí òkúta, nínú ìlú Shibam, àfonífojì Hadramaut, ilẹ̀ Yẹ́mẹ̀n.
Ohun tó ṣe é: ìdí ògiri tó kọjú sí òpópó ti jẹrà, ó sì ti ń wú síta.
Ibi tó bà jẹ́: 2.4 mítà ní gígùn, 1.1 mítà ní gíga, ó wọ inú ògiri tó 60 sẹ̀ǹtímítà.
Òṣìṣẹ́: ọ̀gá mọlémọlé kan (mu‘allim ni wọ́n ń pè é níbẹ̀), mọlémọlé méjì, apọ̀mọ̀ mẹ́rin, káfíńtà kan.

Ẹni tí kò bá tíì rí Shibam rí, kó fojú inú wo nǹkan bí 500 ilé tí wọ́n há mọ́ ara wọn nínú odi kan ṣoṣo. Àwọn kan ga tó àjà méje tàbí mẹ́jọ, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó 30 mítà, bẹ́ẹ̀ sì ni kò sí bíríkì jíjó, kò sí irin tó gbé wọn ró. Lókè ìdí òkúta, amọ̀, koríko, igi àti ẹfun (òkúta tí wọ́n jó, tí wọ́n sì fi omi tú) ni gbogbo rẹ̀. Omíyalé ọdún 1532 sí 1533 gbá púpọ̀ nínú ìlú náà lọ, lẹ́yìn rẹ̀ ni wọ́n sì kọ́ èyí tó pọ̀ jù nínú ohun tó dúró lónìí. UNESCO kà á mọ́ ohun àjogúnbá gbogbo ayé ní 1982. Ní 2015, nígbà tí ogun ti dé Yẹ́mẹ̀n, wọ́n tún orúkọ rẹ̀ kọ sínú ìwé àwọn ibi tó wà nínú ewu.

Gíga ilé wọ̀nyí ni àlejò máa ń yà ní fọ́tò. Ó yẹ kí ẹni tó fẹ́ràn ilé rọra wo bí ògiri ṣe ń tín-ín-rín bó ṣe ń gòkè. Nínú ilé yìí, ìdí ògiri nípọn ní 95 sẹ̀ǹtímítà, orí rẹ̀ kò ju 35 lọ. Ojú inú dúró ṣánṣán, ojú ìta ló ń fà sẹ́yìn díẹ̀díẹ̀, bíríkì òkè sì kéré ju ti ìsàlẹ̀ lọ. Ọ̀gbọ́n tó gbé àjà márùn-ún dúró nìyẹn: òkè fúyẹ́, ìdí wúwo. Bí ìdí bá wá jẹrà, gbogbo ìṣirò yẹn dojú dé.

Ọjọ́ 1 sí 4: wíwá ojú omi

Ògiri alámọ̀ kì í ṣàdédé jẹrà. Ẹni tó bá dí ògiri láì tíì dí ojú omi yóò padà wá dí i lọ́dún tó ń bọ̀.

Sìmẹ́ńtì ni wọ́n fi rẹ́ ìdí ògiri yìí nígbà kan rí, ó nípọn tó 3 sẹ̀ǹtímítà, wáyà wà lábẹ́ rẹ̀. Bí a bá fi ẹ̀yìn ọwọ́ kàn án, ó ń dún bí akèrègbè òfìfo. Lókè rẹ̀ gan-an, ní 1.1 mítà sí ilẹ̀, iyọ̀ funfun tò lára amọ̀ ní ìlà gbọọrọ. Ìlà iyọ̀ yẹn ló tú àṣírí ọ̀ràn náà. Omi tó bá wà nínú ògiri a máa wá ọ̀nà àbájáde. Bó bá jẹ́ amọ̀ ló wà lójú ògiri, afẹ́fẹ́ gbígbẹ Hadramaut á fà á jáde nítòsí ilẹ̀, kò sì ní rìn jìnnà. Sìmẹ́ńtì dí ojú ibẹ̀ pa. Omi bá ń gun òkè lẹ́yìn rẹ̀ títí tó fi dé ibi tí sìmẹ́ńtì parí sí. Ibẹ̀ ló ti gbẹ, ó sì fi iyọ̀ tó kó láti ilẹ̀ síbẹ̀. Iyọ̀ náà ń dì nínú ihò wínníwínní tó wà lára amọ̀, ó ń wú, ó sì ń fọ́ amọ̀ náà di ìyẹ̀fun. Nígbà tí a ṣí sìmẹ́ńtì kúrò, wáyà ti dípẹtà tán, amọ̀ ẹ̀yìn rẹ̀ sì wó tẹ̀lé e, ó tó bárò mẹ́fà. A gbẹ́ ihò kékeré mẹ́ta láti wo inú. Amọ̀ tó jáde nítòsí ilẹ̀ rọ̀ débi pé ó ṣeé bù bí ẹ̀bà.

Páìpù ni olórí ẹjọ́. Ilé àtijọ́ ní Shibam ya omi sọ́tọ̀ kúrò lára ìgbẹ́. Ìgbẹ́ ń já sínú ihò gíga tó sọ̀ kalẹ̀ dé ìsàlẹ̀ ilé, yóò gbẹ níbẹ̀, wọ́n á sì kó o lọ sí oko gẹ́gẹ́ bí ajílẹ̀. Omi ìwẹ̀, tí kò pọ̀ nígbà náà, ń gba ojú ìṣàn tí wọ́n fi ẹfun rẹ́ lára ògiri ìta, púpọ̀ nínú rẹ̀ á sì ti gbẹ kó tó délẹ̀. Nígbà tí omi ẹ̀rọ wọ ilé, omi tó ń jáde di ìlọ́po-ìlọ́po. Wọ́n wá fi páìpù rọ́bà gba inú ihò náà kọjá, níbi tí ojú ẹnikẹ́ni kò tó. Oríkèé páìpù kan ló ti là, ní 70 sẹ̀ǹtímítà sí ilẹ̀, kò sì sẹ́ni tó mọ̀.

A yọ ọ́. A gbé tuntun síta, 10 sẹ̀ǹtímítà sí ojú ògiri, ní igun tí òjìji máa ń bò. Páìpù lójú irú ilé yìí kò dùn ún wò, ṣùgbọ́n èyí tó fara pamọ́ ló dá wàhálà sílẹ̀. Èyí tó wà níta, ẹni tó ń kọjá lọ lè rí i bó bá ń jò. Ìdánwò: a dí ìsàlẹ̀ rẹ̀, a bu omi kún un dé òkè, a fi sílẹ̀ di ọjọ́ kejì. Omi kò dín.

Ọjọ́ 5 sí 24: bíríkì ń gbẹ, ògiri náà ń gbẹ

Ògiri tútù kò ṣeé gé, nítorí náà a fi í sílẹ̀ fún 20 ọjọ́, a sì dojú kọ bíríkì.

Oko ọ̀pẹ tó yí ìlú ká ni wọ́n ti ń bu erùpẹ̀, ilẹ̀ tí àgbàrá gbé wá. Bíríkì ògiri tó wó ṣeé rẹ kí a sì tún lò, bí kò bá ní iyọ̀. Láti mọ̀, a bu díẹ̀ sínú omi mímọ́, a jẹ́ kó silẹ̀, a ro omi òkè rẹ̀ sínú àwo dúdú, a sì sá a sóòrùn. Àwo náà funfun báláú. A kó gbogbo bíríkì yẹn dànù.

Bíríkì ìdí ilé yìí gùn ní 45 sẹ̀ǹtímítà, ó fẹ̀ ní 30, ó nípọn ní 6. Ọ̀kan wúwo tó 14 kílò. Iye tí ògiri nílò: ìpele 13, ìlà méjì nínú ìpele kọ̀ọ̀kan, bíríkì bíi márùn-ún nínú ìlà kọ̀ọ̀kan. Ó jẹ́ bíi 130. A gbá 170, nítorí èyí tó máa fọ́ àti èyí tí a máa gé.

Bíríkì 40 ni a kọ́kọ́ gbá, gbogbo rẹ̀ sán. Àṣìṣe wa ni, nítorí ìdánwò àpótí ló yẹ kó ṣáájú. Bí ìdánwò náà ṣe rí rèé: àpótí igi gbọọrọ, 60 sẹ̀ǹtímítà ní gígùn, 4 ní fífẹ̀, 4 ní jíjìn. Ẹ fi epo pa inú rẹ̀, ẹ fi amọ̀ pípò kún un láìsí koríko, ẹ jẹ́ kó gbẹ pátápátá, kí ẹ wá ti amọ̀ náà sí ẹ̀gbẹ́ kan kí ẹ lè wọn àlàfo tó kù. Tiwa fi 3.5 sẹ̀ǹtímítà sílẹ̀, ìyẹn ni pé erùpẹ̀ náà lẹ̀ jù. Nígbà tí a fi bọ́kẹ́ẹ̀tì iyanrìn kan kún bọ́kẹ́ẹ̀tì erùpẹ̀ márùn-ún, ó bọ́ sí 2, bíríkì kò sì sán mọ́. Afẹ́fẹ́ náà dá kún un: a kò bo àwọn ti àkọ́kọ́ yẹn, ojú wọn gbẹ kí inú wọn tó gbẹ.

Pípò rẹ̀: bọ́kẹ́ẹ̀tì koríko àlìkámà gígé kan sí bọ́kẹ́ẹ̀tì erùpẹ̀ mẹ́rin, kí koríko má gùn ju ìka ọwọ́ lọ. Ẹ rin ín, ẹ fẹsẹ̀ tẹ̀ ẹ́, ẹ fi sílẹ̀ fún ọjọ́ mẹ́ta títí yóò fi máa rùn díẹ̀, kí ẹ tún tẹ̀ ẹ́. Òórùn yẹn ló ń fi hàn pé koríko ti ń rà, amọ̀ á sì máa lẹ̀ mọ́ra dáadáa. Mọ́ọ̀dù, àpótí tí a fi ń gbá bíríkì, kò ní ìsàlẹ̀. Omi la fi ń fọ̀ ọ́ kí amọ̀ tó wọ̀ ọ́. Ní ọjọ́ kẹta a gbé bíríkì nàró lórí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ní ọjọ́ kẹwàá a tò ó jọ pẹ̀lú àlàfo láàárín. Kí a tó lò ó, a fọ́ ọ̀kan sí méjì. Bí àárín rẹ̀ bá ṣì dúdú ju ẹ̀bá lọ, kò tíì gbẹ.

Ẹni tó bá ti mọ ilé alámọ̀ ní ilẹ̀ Yorùbá yóò rí ìyàtọ̀. Níbi tiwa, amọ̀ tútù ni wọ́n ń tò ní ìpele-ìpele, òrùlé tó nà síta sì ni agboòrùn ògiri. Ilé Shibam kò ní òrùlé tó nà síta rárá. Ẹfun ló ń ṣe iṣẹ́ yẹn: wọ́n fi rẹ́ orí ilé àti àjà òkè, wọ́n fi rẹ́ ìdí ilé, wọ́n sì fi àárín sílẹ̀ ní àwọ̀ amọ̀. Àlejò rò pé ọ̀ṣọ́ ni. Ibi tí omi lè bà jẹ́ jù ni wọ́n kùn ní funfun.

Ọjọ́ 25 àti 26: fífi òpó ró o

Igi àjà mẹ́fà ló gbé orí lé ibi tí a fẹ́ gé, àlàfo wọn jẹ́ 45 sẹ̀ǹtímítà. A gbé igi ìdábùú kan sí abẹ́ wọn, 50 sẹ̀ǹtímítà sí ògiri, a fi òpó mẹ́rin gbé e dúró, pákó tó nípọn ní 5 sẹ̀ǹtímítà wà lábẹ́ ẹsẹ̀ òpó kọ̀ọ̀kan. A ṣe bákan náà ní àjà tó wà lókè rẹ̀, òpó òkè sì gbọ́dọ̀ dúró lórí ti ìsàlẹ̀ gan-an. Bí ó bá yẹ̀ díẹ̀, ilẹ̀ àjà ni yóò máa ru ẹrù tí kò sí ní agbára rẹ̀. Ọkà àti ẹrù tó wà ní àjà ìsàlẹ̀ jáde ṣáájú.

A lẹ ẹfun tẹ́ẹ́rẹ́ mọ́ orí ojú sísán mẹ́rin nínú ilé, ọ̀kọ̀ọ̀kan gùn ní 10 sẹ̀ǹtímítà, a kọ ọjọ́ sí i lára. Bí ilé bá yẹ̀, ẹfun á là.

Ọ̀kan là ní ọjọ́ 26, ní àjà kejì, bí okùn irun. A ti gbá èèkàn abẹ́ òpó jù, ilé sì gbéra díẹ̀. Èèkàn gbọ́dọ̀ fún mọ́ra tó fi jẹ́ pé ọwọ́ kò lè fà á yọ, kó má sì jù bẹ́ẹ̀ lọ. Òpó ń dúró de ẹrù ni, kì í gbé ilé sókè. A dẹ̀ ẹ́, a lẹ ẹfun tuntun.

Ọjọ́ 27 sí 61: gígé àti mímọ

A pín 2.4 mítà sí ọ̀nà mẹ́ta, 80 sẹ̀ǹtímítà lọ́kọ̀ọ̀kan. Ti ọwọ́ òsì ni a kọ́kọ́ ṣe, ti ọwọ́ ọ̀tún tẹ̀ lé e, àárín ló kẹ́yìn. Kò sí ìgbà kankan tí ibi méjì ṣí sílẹ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Ayùn àti ọkọ́ kékeré la fi gé e. A kò gba òòlù láyè, torí gbígbọ̀n rẹ̀ ń tú amọ̀ tó ṣì dára lókè. A ń gé títí tí a fi kan bíríkì gbígbẹ tó le, a sì fi ẹ̀gbẹ́ sílẹ̀ ní ṣísẹ̀-ǹ-tẹ̀lé kí tuntun lè wọ inú ògbólógbòó.

Ìdí ilé jẹ́ òkúta, ó yọ ní 30 sẹ̀ǹtímítà sókè ilẹ̀. A tẹ́ ẹfun tí a pò mọ́ eérú sórí òkúta náà, 2 sẹ̀ǹtímítà, kí bíríkì àkọ́kọ́ tó jókòó. Amọ̀ tó ń so bíríkì pọ̀ wá láti inú erùpẹ̀ kan náà, ó nípọn ní 2 sẹ̀ǹtímítà. A wọ́n omi díẹ̀ sí ojú bíríkì, a kò rì í sómi. Ìpele mẹ́rin sí márùn-ún lóòjọ́, kò gbọdọ̀ ju bẹ́ẹ̀ lọ, bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìsàlẹ̀ á fún síta.

Ibi tí ọ̀pọ̀ àtúnṣe ti ń bà jẹ́ nìyí: ìpele 13 àti amọ̀ ìsopọ̀ wọn ga ní 104 sẹ̀ǹtímítà, àlàfo 6 ló kù lókè. Ẹni tó bá ń kánjú á dí àlàfo yẹn lọ́jọ́ náà. Amọ̀ ìsopọ̀ nìkan jẹ́ 26 sẹ̀ǹtímítà nínú gíga yẹn, tútù ni gbogbo rẹ̀. Bó bá fi ìdá 3 nínú 100 dín, ògiri tuntun á lọ sílẹ̀ ní nǹkan bí 8 mílímítà, àlàfo tí ojú kò rí á sì wà láàárín òun àti ògiri tó yẹ kó gbé. Ilé á máa sinmi lórí afẹ́fẹ́. Ní apá òsì, a wọn 9 mílímítà lẹ́yìn ọjọ́ mẹ́jọ. Ìgbà yẹn ni a tó fi òkúta pẹlẹbẹ àti amọ̀ tó fẹ́rẹ̀ẹ́ gbẹ dí i, amọ̀ tó ṣeé di mọ́wọ́ ṣùgbọ́n tí kì í lẹ̀ mọ́wọ́, a fi igi gún un wọlé títí kò fi gbà mọ́.

Igi àjà: a fi ìlu gún orí ọ̀kọ̀ọ̀kan nínú àwọn mẹ́fẹ̀ẹ̀fà. Mẹ́rin le, méjì jẹrà. Igi ọ̀pẹ ni méjèèjì, ikán sì ti jẹ ẹ́ wọ inú tó 40 sẹ̀ǹtímítà. Ọ̀rinrin ló pe ikán wá; ọ̀nà amọ̀ tóóró wọn ṣì wà lẹ́yìn sìmẹ́ńtì. A kò yọ igi náà pátá, nítorí yíyọ rẹ̀ á tú ilẹ̀ àjà òkè: ẹ̀ka igi wẹ́wẹ́, ẹní imọ̀ ọ̀pẹ àti amọ̀ tó wà lórí rẹ̀. A gé ibi tó jẹrà, a fi igi ‘ilb gbè é lẹ́gbẹ̀ẹ́, 1.2 mítà, bóólù mẹ́ta. ‘Ilb ni wọ́n fi ń ṣe òpó, ilẹ̀kùn àti fèrèsé ní Hadramaut, ó le, ikán kì í tètè jẹ ẹ́. Orí rẹ̀ jókòó sórí pákó ‘ilb tó gùn ní 60 sẹ̀ǹtímítà kí ẹrù lè tàn ká, a sì fi àlàfo 2 sẹ̀ǹtímítà sílẹ̀ níwájú orí igi kí afẹ́fẹ́ lè kàn án.

Ọjọ́ 62 sí 85: rírẹ́ ẹ

Níbi tí sìmẹ́ńtì ti kúrò ní ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún, amọ̀ àtijọ́ kan ṣì lẹ̀ mọ́ ògiri, ó tó ojú ewé ìwé ńlá méjì. Àmì ìka márùn-ún wà lórí rẹ̀, ó yípo bí òṣùmàrè, ọ̀kan lórí èkejì, bí arẹ́lé náà ṣe ń na apá rẹ̀ láti òsì sí ọ̀tún. Ọwọ́ rẹ̀ kéré. Níbi tí ìka rẹ̀ kẹ́yìn, ẹyọ koríko kan ṣì wà nínú amọ̀, àwọ̀ wúrà rẹ̀ kò tíì ṣí. Ọ̀gá mọlémọlé ní kí ẹnikẹ́ni má fọwọ́ kàn án, a sì rẹ́ tiwa títí dé etí rẹ̀. Kò sí ohun tó tún fi hàn jù báyìí lọ pé ọwọ́ ènìyàn ló kọ́ ilé wọ̀nyí, ọwọ́ náà ló sì gbọ́dọ̀ máa tún wọn ṣe.

Rírẹ́ àkọ́kọ́ nípọn ní 2 sẹ̀ǹtímítà, bọ́kẹ́ẹ̀tì koríko kan sí bọ́kẹ́ẹ̀tì erùpẹ̀ méjì. Ọwọ́ lásán la fi tẹ̀ ẹ́ mọ́ ògiri, kó wọ inú àlàfo bíríkì. Ó sán wẹ́wẹ́ bó ti ń gbẹ, bó ṣe yẹ kó ṣe nìyẹn, torí ojú sísán náà ni èkejì á fi dì mú. Èkejì ní ọjọ́ 72, 1 sẹ̀ǹtímítà, koríko rẹ̀ wẹ́wẹ́.

Ọjọ́ 86 sí 95: ẹfun

Òkúta ẹfun ni wọ́n ń jó nínú ààrò, tí wọ́n á bu omi sí kó lè tú, tí wọ́n á sì máa fi ọ̀pá gígùn lù ú fún wákàtí púpọ̀ títí á fi rọ̀ bí ọ̀rí. Nùrá ni wọ́n ń pè é. Ẹni tó bá ń po ẹfun tútù, kó bo ojú àti ọwọ́. Ó ń jó ni. Tiwa ti wà nínú omi fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí a tó lò ó. Fún mítà kan àti ààbọ̀ ìsàlẹ̀, a pò ó mọ́ eérú, torí ó túbọ̀ ń lé omi dànù.

Ìpele mẹ́ta tẹ́ẹ́rẹ́, kò sí èyí tó ju 3 mílímítà lọ. A rin ògiri, a fi ẹfun rẹ́ ẹ, a sì fi òkúta dídán ha á títí á fi ń kọ mọ̀nà. Aṣọ àpò tútù la fi bò ó lọ́sàn-án. Ní ìpele kejì, ẹ̀gbẹ́ kan tí a kò bò di lẹ́búlẹ́bú ní ọjọ́ kejì, bí ẹfun tí ọmọdé fi ń kọ ọ̀rọ̀ sára ògiri. Oòrùn gba omi rẹ̀ kó tó le. A ha á kúrò, a tún un rẹ́.

A wo òrùlé náà. Ọ̀ṣọ̀rọ̀ onígi méjì ló ń da omi òjò síta, iyanrìn ti dí ọ̀kan. A kó o, a sì fi ẹfun tún etí rẹ̀ ṣe. Òjò kì í pọ̀ ní Hadramaut, ṣùgbọ́n omíyalé oṣù kẹwàá ọdún 2008 wó ọ̀pọ̀ ilé alámọ̀ ní àfonífojì náà.

Owó ni ìṣòro tó kù, torí ẹfun yìí á tún béèrè ìtọ́jú lẹ́yìn ọdún díẹ̀, onílé kì í sì í ṣe olówó nígbà gbogbo. Iṣẹ́ àtúnṣe ńlá tí Yẹ́mẹ̀n àti Jámánì jọ ṣe ní Shibam, tó gba ẹ̀bùn Aga Khan fún iṣẹ́ ìkọ́lé ní 2007, gba ọ̀nà tó dára: wọ́n bá onílé san apá kan, onílé san ìyókù, àwọn mu‘allim sì rí iṣẹ́ ṣe tí wọ́n fi kọ́ àwọn ọ̀dọ́. Ibi tí mọlémọlé amọ̀ bá ti tán, sìmẹ́ńtì ló máa ń gba ipò rẹ̀.

Ọjọ́ 95: òpó jáde lọ́kọ̀ọ̀kan, láti òkè wá sí ìsàlẹ̀, wákàtí méjì láàárín ọ̀kan sí èkejì. Ẹfun mẹ́rẹ̀ẹ̀rin tí a lẹ mọ́ ojú sísán kò là. Páìpù gbẹ. A fi okùn olójé wọn ojú ògiri tuntun: ó yọ síta ju ti àtijọ́ lọ ní 4 mílímítà, ní àárín. A fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀.